Ilẹ̀ Tí Ẹsẹ̀ Kò Gbọdọ̀ Tẹ̀

Nígbà tí mò ń wí yìí, ìyá ọkọ mi ṣì wà láyé. Ọkọ mi wà láyé, ó ń ránṣọ lójú fèrèsé, ó ń fi eyín já òwú. Àbúrò rẹ̀ wà láyé, ẹni tí mo sọ ní Adúmáadán nígbà tí mo wọlé ọkọ, nítorí ara rẹ̀ tó dúdú tó ń dán. Ìyàwó rẹ̀ náà wà láyé. Àní ajá wa tó ní etí kan ṣoṣo wà láyé. Bàbá wọn nìkan ló ti kú, ká sì ní bàbá yẹn ò tètè kú ni, ohun tí mo fẹ́ sọ yìí kì bá ti ṣẹlẹ̀.

Lónìí, èmi nìkan ló kù. Èmi àti ilẹ̀ náà. Wọ́n dá ẹjọ́ rẹ̀ nígbẹ̀yìn, kò sí ẹnikẹ́ni nínú wa tó lọ gbọ́ ọ.

Bíríkìlà ni bàbá wọn. Ó kọ́ ilé méjì fún ọmọ méjì, ó fi ilẹ̀ sílẹ̀ láàárín wọn, níbi tó ti ri òkúta ìpìlẹ̀ kan sí láti ọjọ́ pípẹ́, ó ní òun máa kọ́ ẹ̀kẹta tí òun bá sinmi díẹ̀. Ikú ò jẹ́ kó sinmi. Ilé tiwa wà lápá ọ̀tún, ilé Adúmáadán wà lápá òsì, ilẹ̀ ṣófo wà láàárín bí ibi tí eyín ti yọ lẹ́nu.

Ọkọ mi ní bàbá fún òun ní ilẹ̀ náà lórí àìsàn, nígbà tí òun ń fi omi sí i lẹ́nu. Adúmáadán, tó jẹ́ káfíńtà, ní láti ọjọ́ tí bàbá ti kú ni pákó òun ti wà lórí ilẹ̀ yẹn, ta ló bá òun wí rí? Wọ́n fa ọ̀rọ̀ náà títí ó fi dé kóòtù. Lọ́yà kan ní àgbà ló ni ín. Lọ́yà kejì ní ẹni tó ń lò ó ló ni ín. Adájọ́ gbọ́ tẹnu àwọn méjèèjì, ó ní òun máa wá fojú ara òun wo ilẹ̀ náà, kí òun lè mọ ẹni tó wà lórí rẹ̀ gan-an.

Ọ̀rọ̀ yẹn, "ẹni tó wà lórí rẹ̀," òun ló lé wọn lọ síbi tí wọ́n lọ.

Tí ẹ bá bi mí, ìyá wọn ló wà lórí rẹ̀. Ọ̀dọ̀ wa ni Ìyá ń sùn. Tí ilẹ̀ bá ti mọ́, á gba àárín ilẹ̀ yẹn kọjá sílé àbúrò, á lọ jókòó ti àwọn ọmọ ibẹ̀. Tí oòrùn bá rọlẹ̀, á tún gba ibẹ̀ padà wá. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti la ọ̀nà tẹ́ẹ́rẹ́ kan síbẹ̀ tí koríko kì í hù. Àgbà ló máa ń pe ọkọ mi, Àbíkẹ́yìn ló máa ń pe Adúmáadán. Ó máa ń dá èmi àti ìyàwó Adúmáadán lápàárá. Èmi ni mò ń gbá ojú bọ́tìnì fún ọkọ mi, abẹ́rẹ́ ti gún mi lórí ìka títí ibẹ̀ fi yi. Ìyàwó Adúmáadán ló ń fi pépà oníyanrìn ha pákó fún ọkọ tirẹ̀, àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ le bí èèpo igi. Ìyá á gbá wa lọ́wọ́ mú, á ní: "Ẹ wò ó, ẹ ti gba ọwọ́ ọkọ yín lọ́wọ́ wọn. Kí wá ni wọ́n fi ń jẹun?" Àwa méjèèjì á sì rẹ́rìn-ín títí.

Ìgbà tí kóòtù dé, a ò kí ara wa mọ́. Wọ́n ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Àwa ò tíì ti ibẹ̀ bọ̀ rárá tí ọ̀rẹ́ ti tán.

* * *

Ọkọ mi ní kí n sin òun lọ ra òwú. Kì í ṣe ọ̀nà ọlọ́wùú la gbà. A gba ẹ̀yìn ibi tí wọ́n ti ń lẹ táyà, a wọ ilé kan tí kò ní fèrèsé. Onígò ni wọ́n ń pe ọkùnrin tó ń gbé ibẹ̀. Igò ló kún ara ògiri láti ilẹ̀ dé òkè, igò oògùn ikọ́, igò òróró, igò lọ́fínńdà, gbogbo wọn ló fi òwú dí lẹ́nu. Oòrùn ń ta níta, òtútù ń mú mi níbẹ̀. Igò ńlá kan wà lẹ́bàá ẹsẹ̀ mi, inú rẹ̀ á ṣú, á mọ́, á tún ṣú, á tún mọ́, bí ìgbà tí ẹnìkan bá ń mí sí i láti inú. Mo fa ẹsẹ̀ mi sẹ́yìn.

"Ṣé kó kú ni?" Onígò bi ọkọ mi, bí ẹni ń béèrè bóyá ó fẹ́ apá gígùn tàbí apá kúkúrú.

"Rárá o! Ọmọ ìyá mi ni. Kó ṣáà kúrò lórí ilẹ̀ mi."

Onígò rẹ́rìn-ín. "Bí gbogbo yín ṣe máa ń sọ ọ́ nìyẹn."

Ó mú igò kékeré kan tó ṣú bí omi aró, ó fi lé e lọ́wọ́. "Rì í sí etí ilẹ̀ náà. Láti ìgbà yẹn, ẹsẹ̀ tó bá tẹ ibẹ̀, ilẹ̀ á mú un. Tìẹ náà wà níbẹ̀ o. Má ṣe tẹ̀ ẹ́ títí adájọ́ á fi sọ̀rọ̀ tán."

"Èmi tí mo ni ín?"

"Oògùn ò mọ ẹni tó nilẹ̀," Onígò ní. "Ẹsẹ̀ ló mọ̀."

Nígbà tí a ń bọ̀, ọkọ mi fi igò náà sí àpò níbi tó máa ń fi téèpù tó fi ń wọn ènìyàn sí. Mo ní, "Bàbá àwọn ọmọ mi, ẹ jẹ́ ká sọ nǹkan yìí nù." Ọwọ́ rẹ̀ ò kúrò ní àpò yẹn títí a fi délé. Lóru ọjọ́ náà, ó rì í sí etí ilẹ̀ lápá tiwa.

* * *

Èyí tí mo fẹ́ sọ báyìí, ìyàwó Adúmáadán ló sọ ọ́ fún mi nígbà tí ẹ̀pa ò bóró mọ́.

Ó ní lásìkò kan náà, Adúmáadán lọ sọ́dọ̀ obìnrin kan lẹ́yìn ibi tí wọ́n ti ń la igi, ẹni tí wọ́n ń pè ní Olójúkan. Nínú ìyẹ̀fun igi ló jókòó sí, ó rì í dé ìbàdí. Kí Adúmáadán tó la ẹnu, obìnrin náà ti ju ìṣó gígùn kan síwájú rẹ̀, wọ́n fi òwú dúdú wé e láti orí dé ẹnu.

"Ìwọ ọmọ ilẹ̀ ṣófo. Ẹnìkan ti ṣíwájú rẹ dé ibẹ̀."

Ó ní òógùn bo ọkọ òun. "Ta ni?"

"Ṣé o ò mọ̀ ọ́n ni?" Ó fi ojú kan ṣoṣo yẹn wò ó pẹ́. "Tèmi á gun orí tirẹ̀. Ṣùgbọ́n tí méjì bá pàdé nínú ilẹ̀, èmi ò mọ ohun tí wọ́n máa bí o. Tí o bá ti kan ìṣó yìí mọ́lẹ̀, má tẹ ibẹ̀ mọ́. Kí ará ilé rẹ má tẹ̀ ẹ́."

"Pákó mi ńkọ́? Orí ilẹ̀ yẹn ni gbogbo rẹ̀ wà."

"Ṣé pákó lo wá bá mi dù ni, àbí ilẹ̀?"

Ní ìdájí, kó tó kí ẹnikẹ́ni, Adúmáadán nà láti etí ọgbà tirẹ̀, ó kan ìṣó náà. Káfíńtà tí kì í ṣi òòlù gbá rí, òòlù yẹ̀ ní ọwọ́ rẹ̀, ó gbá àtàǹpàkò rẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ kán sílẹ̀ níbẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ ní òun rí i pẹ̀lú ojú òun, ilẹ̀ mu ẹ̀jẹ̀ yẹn bí ẹni tí òǹgbẹ ti ń gbẹ tipẹ́.

* * *

Láti ọjọ́ náà ni àwọn èèrà ti ń kúrò lórí ilẹ̀ yẹn. Wọ́n tò lọ́wọ̀ọ̀wọ́, wọ́n gbé ẹyin wọn, wọ́n sọdá títì. Mọ́tò ń tẹ̀ wọ́n pa, èyí tó kù ò wẹ̀yìn. Pákó Adúmáadán tó ti gbẹ tipẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í sun omi lójú oòrùn, omi pupa tó ń rùn. Kò lè wọ ibẹ̀ lọ mú ọ̀kan. Òun tó ń pariwo ní kóòtù pé ilẹ̀ tí òun ń lò ni, ó wá ń lọ yá pákó lọ́wọ́ àwọn káfíńtà ẹgbẹ́ rẹ̀.

Ajá wa olétí kan lé alángbá wọ ibẹ̀. Kò ju pé ó wọlé ó jáde lọ. Ó wá dùbúlẹ̀ sábẹ́ máṣíìnì ọkọ mi, ó gbé orí lé ẹsẹ̀ rẹ̀, kò jẹ, kò mu. Ọkọ mi ń ránṣọ, ajá ń wò ó lójú. Kí oòrùn tó wọ̀, ajá ti kú, ojú rẹ̀ ò sì kúrò lára ọkọ mi. Ọjọ́ yẹn ni abẹ́rẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í kán lọ́wọ́ ọkọ mi, ó fi òmíràn sí i, ìyẹn náà kán, lórí aṣọ ilé-ìwé ọmọ kékeré lásán.

"Ẹ hú u jáde," mo ní.

"Tí n bá hú u, tirẹ̀ á mú mi."

"Tirẹ̀ wo? Ta ló sọ fún yín pé òun náà ní?"

"Ọmọ ìyá mi ni," ó ní. "Ohun tí mo bá ṣe, ó máa ń ṣe é."

* * *

Ó wá ku Ìyá. Kò sí èyí tó lè sọ òótọ́ fún un, nítorí ẹnu Ìyá ò gba àṣírí ọmọ kan kó má dé etí èkejì. Ọkọ mi ní, "Màámi, ẹ má gba orí ilẹ̀ yẹn mọ́ o, ejò wà níbẹ̀." Nígbà tí Ìyá gba títì dé ọ̀hún, Adúmáadán ní, "Màámi, ẹ yéé gba ibẹ̀, ìṣó ti dànù síbẹ̀ lọ rẹpẹtẹ."

Ìyá padà wá bá mi ní ìdí ààrò. "Ìyàwó mi, ọ̀kan ní ejò, ọ̀kan ní ìṣó. Ṣé ejò tó ń jẹ ìṣó ló dé ni?"

Mo fẹ́ rẹ́rìn-ín, ẹkún ló wá. Mo kúnlẹ̀, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un, igò, Onígò, ajá. Mo ní, "Ìyá, mo bẹ̀ yín, ẹ má tẹ̀ ẹ́."

Ó fi aṣọ rẹ̀ nu ojú mi. "Mo mọ̀. Èmi ni mo bí wọn. Nígbà tí wọ́n wà ní kékeré, tí mo bá fún wọn ní ohun kan ṣoṣo, wọ́n á fọ́ ọ kí èkejì má bàa rí i lò."

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í gba ojú títì. Orúnkún rẹ̀ ò dáa, ọ̀nà náà sì jìn, ó yí ká. Mọ́tò á fọn fèrè mọ́ ọn, ọlọ́kadà á bú u pé, "Màmá, ilé ni kẹ́ ẹ jókòó sí!" Nígbà tó yá, kò lè rìn ín mọ́. Ó gbé àpótí ìjókòó rẹ̀ sídìí fèrèsé tó kọjú sí ilẹ̀ náà. Àwọn ọmọ Adúmáadán á dúró ní ọ̀hún, wọ́n á máa juwọ́ sí i. Òun náà á máa juwọ́. Mo rí i tí koríko ń yọ díẹ̀díẹ̀ lójú ọ̀nà tẹ́ẹ́rẹ́ rẹ̀. Òun náà rí i. Láti ìgbà náà ni oúnjẹ ti ń ṣẹ́kù nínú àwo rẹ̀.

* * *

Adájọ́ dé lọ́sàn-án gangan, òun, akọ̀wé rẹ̀ àti lọ́yà méjèèjì. Àwọn ará àdúgbò jáde, àfi bí ẹni fẹ́ wo bọ́ọ̀lù. Ọkọ mi dúró létí ilẹ̀ lápá tiwa, Adúmáadán dúró lápá tirẹ̀.

"Ta ló wà lórí ilẹ̀ yìí nínú ẹ̀yin méjèèjì?" adájọ́ béèrè.

"Èmi ni, Olúwa mi!"

"Irọ́ ni, èmi ni!"

"Ó dáa. Wọ́n ní bàbá yín ri òkúta ìpìlẹ̀ síbẹ̀. Ẹni tó bá ń lò ó, kó wọlé kó fi òkúta náà hàn mí."

Ọkọ mi gbé ẹsẹ̀ ọ̀tún sókè. Ẹsẹ̀ náà dúró lókè bíi ti adìyẹ tí òjò pa. Ó dá a padà. Ní ọ̀hún, Adúmáadán bẹ̀rẹ̀, ó ní òun ń so okùn bàtà. Bàtà tó wọ̀ ò ní okùn.

Ẹnìkan kígbe láàárín èrò: "Télọ̀, ṣé ò ń wọn ilẹ̀ ni? Tẹ̀ ẹ́ jàre!" Wọ́n rẹ́rìn-ín. "Káfíńtà, ṣé ìṣó gún ọ ni?" Ẹ̀rín tún bẹ́.

Ọ̀rọ̀ náà sú adájọ́. Ó ká ṣòkòtò rẹ̀ sókè díẹ̀, ó fẹ́ tẹ ilẹ̀ náà fúnra rẹ̀.

"Ẹ má wọbẹ̀!"

Àwọn méjèèjì ló pariwo rẹ̀ pọ̀, ohùn kan náà, bí ìgbà tí ẹnu kan ṣoṣo bá la. Láti ọjọ́ tí ìjà ti bẹ̀rẹ̀, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tí wọ́n jọ gbà nìyẹn. Wọ́n wo ara wọn láti etí ilẹ̀ kan sí èkejì. Mo rí i lójú wọn pé olúkúlùkù ti mọ ohun tí èkejì ṣe. Kò sí ẹni tó rẹ́rìn-ín mọ́.

Adájọ́ fa ẹsẹ̀ rẹ̀ sẹ́yìn. "Ó ti pẹ́ tí mo ti ń dá ẹjọ́ ilẹ̀," ó ní. "Mi ò rí i rí kí àwọn tó ń du ilẹ̀ máa sá fún un."

Ibẹ̀ ni mo ti gbọ́ bàtà Ìyá lẹ́yìn mi. Ó gbé àpótí rẹ̀ dání. Ó bọ́ bàtà sílẹ̀ létí ilẹ̀, ó tò ó dáadáa bí ẹni fẹ́ wọ yàrá.

"Ìyá, ẹ jọ̀ọ́."

"Fi mí sílẹ̀, ìyàwó mi. Ìlẹ̀kùn tí àwọn ọmọ mi tì, èmi ni n ó ṣí i fún wọn."

Ó wọlé. Atẹ́gùn dá dúró. Pákó kan ké nínú òkìtì pákó yẹn, bí ẹni tí wọ́n tẹ̀ mọ́lẹ̀. "Màámi!" ọkọ mi pariwo. "Màámi o!" Adúmáadán pariwo. Ìyá ń lọ lójú ọ̀nà tẹ́ẹ́rẹ́ rẹ̀, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, títí ó fi dé àárín. Ó fi ẹsẹ̀ gbá koríko sí ẹ̀gbẹ́ kan.

"Òkúta náà rèé. Èmi ni mo rù ú dé ibí. Oyún Àbíkẹ́yìn wà nínú mi, Àgbà di aṣọ mi mú lẹ́yìn. Pẹ̀lú bàbá wọn, àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin la wà níbí lọ́jọ́ náà."

"Ìyá," adájọ́ ní, "ọ̀nà tẹ́ẹ́rẹ́ yìí, ta ló là á?"

"Ẹsẹ̀ mi ni, ọmọ mi."

Adájọ́ yíjú sí akọ̀wé. "Kọ ọ́ sílẹ̀ pé ìyá wọn nìkan ni mo bá lórí ilẹ̀." Ó ní kí wọ́n mú ìyá wọn kúrò nínú oòrùn. Ó wọ mọ́tò rẹ̀, ó lọ. Àwọn èrò náà fọ́nká, ojú ń tì wọ́n.

Ìyá gbé àpótí sílẹ̀ lẹ́bàá òkúta, ó jókòó.

"Ó rẹ̀ mí. Ẹ wá mú mi."

"Màámi, ẹ máa bọ̀ lápá ibí!"

"Màámi, ọ̀dọ̀ mi ló sún mọ́ yín jù!"

"Mi ò lè dìde mọ́. Mo ti tẹ̀ ẹ́, ṣé mo kú? Àgbà, wá. Àbíkẹ́yìn, wá. Ẹ jọ wá."

Oòrùn ń ta. Ọkọ mi ń sunkún bí ọmọdé tí odò kún mọ́ lọ́nà, tí ìyá rẹ̀ wà lódìkejì. Mo fẹ́ wọlé, ó di ìró mi mú. "Ìwọ kọ́! Ta ló máa tọ́ àwọn ọmọ?" Ní ọ̀hún, Adúmáadán ń fi orí gbá ògiri ọgbà rẹ̀, ó ń sọ pé, "Màámi, ẹ dìde, ẹ ṣàánú mi, ẹ dìde."

Orí Ìyá tẹ̀ síwájú. A rò pé oorun ni, títí àpótí náà fi yẹ̀.

Ìyàwó Adúmáadán ló kọ́kọ́ sáré. Mo rí i tí ó ta bàtà nù, tí ó wọ ilẹ̀ náà. Mo tú ìró mi, mo fi í sílẹ̀ lọ́wọ́ ọkọ mi, mo fi tòbí sáré wọlé. Ilẹ̀ náà gbóná lábẹ́ ẹsẹ̀ mi. Bóyá oòrùn ni, bóyá kì í ṣe oòrùn, títí dòní mi ò mọ̀.

A bá a lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkúta. Mo gbé orí rẹ̀ lé itan. Ojú rẹ̀ là sílẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe àwa ló ń wò. Mo di ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ mú, ìyàwó Adúmáadán di ti òsì mú. Ìka Ìyá rìn díẹ̀díẹ̀ lórí ìka mi, ó dé ibi tí abẹ́rẹ́ ti gún tó yi.

"Àgbà," ó ní.

Ó fi ọwọ́ kejì wá àtẹ́lẹwọ́ èkejì, ibi tí pépà oníyanrìn ti bó.

"Àbíkẹ́yìn."

Ìyàwó Adúmáadán wò mí. Mo wò ó. Kò sí èyí tó la ẹnu nínú wa, kí ohùn obìnrin má bàa tú wa fó.

"Ẹ ti wá," Ìyá ní. "Mo mọ̀ pé ẹ máa wá."

Ó fa ọwọ́ mi, ó fa ọwọ́ rẹ̀, ó kó wọn pọ̀ sí àyà rẹ̀, ó fún wọn mọ́ra wọn. Lẹ́yìn náà, ọwọ́ tirẹ̀ tú.

Nígbà tí mo gbójú sókè, ọkọ mi wà létí ilẹ̀ lápá ọ̀tún, ìró mi ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Adúmáadán wà lápá òsì. Àwọn méjèèjì na apá sí wa, pé ká gbé e wá fún àwọn. Kò sí èyí tó gbé ẹsẹ̀ nínú wọn.

Bí ọjọ́ tí ìyá ọkọ mi kú ṣe rí nìyẹn.